Ẹni Tó Bá Rí I, Kó Nawọ́ Sí I

Inú ń bí mi. Mo fẹ́ kí ẹni tó bá ń ka ìwé yìí tètè mọ̀, kó má baà rò pé ìtàn ẹni tó lọ sókè òkun tó sì rí ṣe ni mo fẹ́ sọ. Mo rí ṣe o, n kò ní parọ́. Mo ní iṣẹ́, mo ní yàrá, mo sì ní ẹ̀wù òtútù tó nípọn bíi tìmùtìmù. Síbẹ̀ inú ń bí mi, àwọn tó sì bí mi nínú ni àwọn tí mo fẹ́ràn jù láyé.

Ìlú kékeré kan ni mo ń gbé ní Sìkọ́tílàńdì, létí òkun, níbi tí àwọn apẹja pọ̀ sí. Ṣọ́ọ̀bù ọ̀gá mi, Gíréémù, kò jìnnà sí ibi tí wọ́n ń so ọkọ̀ sí. Àwọn ẹ̀rọ tó ń sọ ibi tí ọkọ̀ wà fún ẹni tó ń wà á ni à ń tún ṣe: ẹ̀rọ atọ́nà tó ń gba ìròyìn lọ́dọ̀ sátẹ́láìtì, rédà tó ń ríran nínú kùrukùru, kọ́ńpáàsì, àti ẹ̀rọ tó ń wọn bí omi ṣe jìn tó. Pápá bàlúù kan wà lẹ́yìn ìlú, a máa ń lọ síbẹ̀ náà, nítorí àwọn bàlúù kékeré tí kò gbà ju èèyàn mélòó kan lọ ń lo irú ẹ̀rọ bẹ́ẹ̀.

Bàbá mi ló kọ́ mi níṣẹ́. Rédíò ló ń tún ṣe ní Takie, ní Ògbómọ̀ṣọ́, nínú ṣọ́ọ̀bù kan tí òórùn òjé gbígbóná kì í kúrò nínú rẹ̀. Èmi ni àkọ́bí, èmi ni dáwódù. Kàmọ́rù ló tẹ̀lé mi, òun ló wà ní ṣọ́ọ̀bù náà báyìí tó ń tún fóònù ṣe. Sìkírá ni àbíkẹ́yìn, ilé ọkọ rẹ̀ wà ní Ọ̀yọ́, ike àti abọ́ ló ń tà ní Ọjà Akẹ̀sán. Ìyá wa ti kú tipẹ́. Bàbá máa ń sọ lójú gbogbo wa pé, "Ọmọ kò láyọ̀lé, ẹni ọmọ sin ló bímọ," á wá na ìka sí mi, á ní, "Ìwọ yìí lo máa gbé orí mi sọ̀kalẹ̀ sínú kòtò." Àwa á ní kó dákẹ́, òun á máa rẹ́rìn-ín.

Ọ̀sẹ̀ tí mo kọ́kọ́ dé ṣọ́ọ̀bù, Gíréémù gbé ẹ̀rọ atọ́nà tuntun kan sórí tábìlì, ó ní kí n máa fi kọ́ra. Ilé ni mo kọ́kọ́ wá. Mo fi ìka wọ́ ojú ẹ̀rọ náà lọ sí ìsàlẹ̀, mo kọjá Sípéènì, mo yí etí Áfíríkà ká títí mo fi dé Èkó. Èkó wà níbẹ̀, wọ́n kọ bí òkun ibẹ̀ ṣe jìn sí gbogbo etí rẹ̀. Mo wá gòkè díẹ̀. Ìbàdàn kò sí. Ọ̀yọ́ kò sí. Ògbómọ̀ṣọ́ kò sí. Gbogbo ilẹ̀ náà kàn pọ́n lọ rẹrẹ bíi gààrí tí ẹnì kan dà sílẹ̀ tí kò kó.

Mo bi Gíréémù pé kí ló dé. Ó wo ojú ẹ̀rọ náà, ó ní, "Ọkọ̀ ojú omi kì í lọ síbẹ̀."

Kò bú mi. Òótọ́ ni, ẹ̀rọ ojú omi kò mọ ilẹ̀, gbogbo ilẹ̀ ló dọ́gba lójú rẹ̀, títí kan ilẹ̀ tiwọn náà. Ṣùgbọ́n ó dùn mí wọra. Ìlú Aláàfin, ìlú Ṣọ̀un, gbogbo oko Ìrẹsà tí bàbá mi ti ń gbin ẹ̀gẹ́, kò sí ìkankan. Nígbà tí mo sọ ọ́ fún Bàbá lórí fóònù, ẹ̀rín ló fi dáhùn. Ó ní, "Ó dáa bẹ́ẹ̀. Olè ò ní mọ̀nà ilé wa."

Ọjọ́ Jímọ̀ ni a máa ń sọ̀rọ̀, tí wọ́n bá ti kírun tán. Bàbá kì í kí èèyàn kó tó béèrè ibi tí ó wà. Bó ṣe ń bẹ̀rẹ̀ nìyẹn, bóyá ẹni náà wà ní Takie tàbí lẹ́yìn odi.

"Níbo lo wà báyìí?"

"Mo wà nínú ọkọ̀ ojú omi, Bàbá."

"Ṣé ó ti kúrò nílẹ̀?"

"Rárá, wọ́n ṣì so ó."

"Háà, ó dáa. Má jẹ́ kí wọ́n tú u o. O ò mọ̀wẹ̀, bẹ́ẹ̀ ni n ò lẹ́nì kankan níbẹ̀ tó máa yọ ọ́."

Ẹni tí kò bá tíì dá wà rí kò lè mọ ohun tí ìbéèrè yẹn ń ṣe fún mi. Ní ìlú yìí, èèyàn lè jí, kó ṣiṣẹ́, kó jẹun, kó sùn, láìsí ẹni tó bi í pé níbo lo wà. Ẹ kú iṣẹ́ kò sí. Ẹ kú ìrọ̀lẹ́ kò sí. Mo ti bá ara mi níbi tí mo ti ń kí rédà, "Ẹ kú iṣẹ́ o," kí ahọ́n mi má baà gbàgbé. Ní pápá bàlúù, ọkùnrin kan tó ni bàlúù kékeré kan rí mi tí mo gbé àpótí irinṣẹ́ dé, ó wo ẹ̀yìn mi bóyá ẹlòmíràn ń bọ̀. Ó ní òun á dúró de Gíréémù. Mo jókòó lórí àpótí mi nínú afẹ́fẹ́ títí Gíréémù fi dé, tó kó irinṣẹ́ jáde, tó nà án sí mi, tó sì lọ mu tíì. Mo tún ẹ̀rọ náà ṣe. Ọkùnrin náà ò sọ ẹ ṣeun. Mo sọ èyí fún Bàbá náà, ó ní, "Ṣé ẹ̀rọ ẹ̀ ń ṣiṣẹ́?" Mo ní ó ń ṣiṣẹ́. Ó ní, "Á máa wò ó lójú sánmà, á máa rántí ẹ. Fi í sílẹ̀."

Ohun kan wà tí mo kọ́ lọ́wọ́ àwọn apẹja yìí, òun ló fà á tí mo fi ń kọ̀wé yìí. Kẹ́nì ni orúkọ ọ̀kan nínú wọn, ọkùnrin onírùngbọ̀n tí kì í sọ̀rọ̀ púpọ̀. Nínú ọkọ̀ rẹ̀, ẹni tó bá wọlé, ì báà ṣe alágbàṣe tó wá de wáyà, gbọ́dọ̀ kọ́ ohun tí wọ́n ń ṣe tí èèyàn bá ṣubú sómi. Bọ́tìnnì pupa kan wà lára ẹ̀rọ atọ́nà fún un. Ẹnì kan á sáré tẹ̀ ẹ́, ẹ̀rọ á sì sàmì sí ibi tí ẹni náà bọ́ sí, kí ọkọ̀ lè ṣẹ́rí padà. Ṣùgbọ́n kí ó tó kan bọ́tìnnì, ẹni tó kọ́kọ́ rí i gbọ́dọ̀ pariwo, kó nawọ́ sí i, kó sì máa nawọ́ sí i lọ.

Kẹ́nì ju bọ́ọ̀lù rọ́bà ńlá kan sómi, ó ní èmi ni kí n nawọ́. Ọkọ̀ ń yí, ìgbì ń gbé e, ń gbé mi, apá mi bẹ̀rẹ̀ sí í ro. Mo fẹ́ fi ọwọ́ kejì di nǹkan mú, mo ṣẹ́jú, bọ́ọ̀lù náà ti pòórá.

Kẹ́nì ní, "O ti pa á. Kì í ṣe pé kí o bẹ́ sómi, kì í ṣe pé kí o sunkún. Nawọ́ sí i. Tí a ò bá tíì dé ọ̀dọ̀ rẹ̀, ọwọ́ rẹ ò gbọdọ̀ sọ̀."

A tún un ṣe títí mo fi mọ̀ ọ́n. Ní Jímọ̀, mo sọ gbogbo rẹ̀ fún Bàbá. Ó ní, "Ọlọ́gbọ́n èèyàn ni wọ́n. Ẹni tó bá rí i kó nawọ́ sí i. Ó dáa." Lẹ́yìn náà ó bi mí bóyá mo ti jẹun. Ìyẹn ni ọ̀rọ̀ ìkẹyìn tí èmi àti bàbá mi jọ sọ.

Jímọ̀ tó tẹ̀lé e, Kàmọ́rù ló gbé fóònù Bàbá. Ó ní Bàbá ń sùn. Jímọ̀ kejì, ó ní ohùn Bàbá há, dókítà ní kó má sọ̀rọ̀. Mo ní kí wọ́n fún un ní omi oyin, ó ní wọ́n ti ń fún un. Ní ọjọ́ Iléyá, mo pè láàárọ̀, wọ́n ní Bàbá wà ní Yídì. Mo pè ní ìrọ̀lẹ́, wọ́n ní Bàbá kò tíì dé láti Yídì. Yídì wo ni wọ́n ń kírun di ìrọ̀lẹ́? Ṣùgbọ́n ará ilé mi ló ń bá mi sọ̀rọ̀, mo ní bóyá ó yà kí àwọn ọ̀rẹ́ rẹ̀. Mo ra ẹran, mo sè é, mo jẹ ẹ́, mo sì fi àwòrán rẹ̀ ránṣẹ́ sílé.

Nígbà tí mo bẹ̀rẹ̀ sí í yọ wọ́n lẹ́nu jù, Kàmọ́rù fi ohùn Bàbá tí wọ́n gbà sórí fóònù ránṣẹ́ sí mi. Bàbá kí mi nínú rẹ̀, ó wúkọ́, ó ní, "Ọyẹ́ yìí mú o, mo wọ fìlà onírun tí o fi ránṣẹ́." Inú mi dùn débi pé mo gbé e fún Gíréémù gbọ́, bó tilẹ̀ jẹ́ pé kò gbọ́ Yorùbá.

Ọ̀sán ọjọ́ kan ni àṣírí tú. Inú ọkọ̀ Kẹ́nì ni mo wà. Ẹ̀rọ atọ́nà ń sọ pé ọkọ̀ kọjú síbì kan, kọ́ńpáàsì ń sọ ibòmíràn. Òfin Gíréémù lórí irú ọ̀ràn bẹ́ẹ̀ kò lọ́jú pọ̀: tí ẹ̀rọ méjì bá ń ta ko ara wọn, má mú èyí tó wù ọ́, má sì pín in sí àárín. Ohun kan wà nítòsí tó ń ba ọ̀kan nínú wọn jẹ́, wá a. Mo dọ̀bálẹ̀, mo wo abẹ́ kọ́ńpáàsì. Ọ̀kan nínú àwọn ọmọṣẹ́ Kẹ́nì ti tẹ ẹ̀rọ agbóhùn kan bọ ibẹ̀ láti máa gbọ́ orin. Rédíò ni mo fi dàgbà, mo mọ̀ pé òòfà wà lẹ́yìn irú nǹkan bẹ́ẹ̀. Mo yọ ọ́, kọ́ńpáàsì yí padà jẹ́jẹ́, ó bá ẹ̀rọ atọ́nà mu. Kẹ́nì gbá mi lẹ́yìn gbàù, ó pe orúkọ mi ní pípé, òun tí ń pè mí ní "ìwọ" láti ọjọ́ yìí.

Mo fẹ́ kí Bàbá gbọ́ ọ, n kò lè dúró di Jímọ̀. Mo pe Kàmọ́rù.

"Bàbá dà?"

"Wọ́n ti lọ sí Ìrẹsà, Bọ̀dá mi. Wọ́n lọ wo ẹ̀gẹ́ wọn. Nẹ́tíwọ́ọ̀kì ò sí níbẹ̀."

Mo ní ó dáa. Mo wá rò pé kí n sọ ìròyìn ayọ̀ mi fún Sìkírá. Kí n tó sọ nǹkan kan, ó ti ń sọ pé, "Bọ̀dá mi, Bàbá wà lọ́dọ̀ mi níbí ní Ọ̀yọ́. Wọ́n ṣẹ̀ṣẹ̀ jẹun ni, wọ́n ti sùn. Wọ́n ní kí n kí yín."

Mo dúró nínú ọkọ̀ pẹ̀lú ẹ̀rọ agbóhùn lọ́wọ́. Ìrẹsà. Ọ̀yọ́. N kò mú èyí tó wù mí, n kò pín in sí àárín. Mo tún ohùn Bàbá gbọ́. "Ọyẹ́ yìí mú o." Ọyẹ́ wo? Òjò ló ń rọ̀ ní Ògbómọ̀ṣọ́ láti oṣù mélòó kan, Kàmọ́rù fúnra rẹ̀ ló sọ fún mi pé àgbàrá wọ ṣọ́ọ̀bù. Ohùn àtijọ́ ni wọ́n fi ránṣẹ́ sí mi.

Mo pe àwọn méjèèjì pọ̀ sórí ìlà kan.

Mo ní, "Kàmọ́rù, Sìkírá ń gbọ́ wa. Níbo ni Bàbá wà?"

Mo gbọ́ ariwo ọjà lẹ́yìn Sìkírá.

"Mo ní níbo ni Bàbá wà?"

Kàmọ́rù ní, "Bọ̀dá mi, ẹ jọ̀ọ́, ẹ jókòó ná."

"N ò jókòó."

Sìkírá ló bú sẹ́kún. Ó ní, "Ẹ má bínú, Bọ̀dá mi. Bàbá ti lọ. Kí Iléyá tó dé ni. Wọn ò ṣàìsàn, wọ́n kírun àsùbáà ni, wọn ò dìde mọ́."

Bí irọ́ bá lọ fún ogún ọdún, ọjọ́ kan ṣoṣo ni òtítọ́ yóò bá a. Tiwa kò tó ogún ọdún, ṣùgbọ́n Iléyá wà nínú rẹ̀, ẹran tí mo jẹ sì wà nínú rẹ̀.

Lọ́jọ́ kejì, àbúrò Bàbá, tí gbogbo wa ń pè ní Àlùfáà, pè mí. Ó kí mi pẹ̀lẹ́, ó ṣàdúrà, ó wá ní, "Àwa àgbà la ní kí wọ́n má sọ ọ́. A kì í ṣe irú ẹ̀ fún ẹni tó wà lẹ́yìn odi. Ìwọ nìkan lo wà níbẹ̀. Tí o bá gbọ́ ọ lójijì tí o ṣubú lulẹ̀, ta ni yóò gbé ọ? Ìwé ìgbélùú rẹ náà ò tíì jáde, tí o bá fi ìkánjú wálé, wọn ò ní jẹ́ kí o padà. A ń dáàbò bò ọ́ ni."

Mo ní, "Ẹ ṣeun, Àlùfáà."

Ohun tí mo sọ nìyẹn, nítorí àgbà ni. Ohun tí mo fẹ́ sọ rèé, mo sì ń sọ ọ́ báyìí. Mo mọ àṣà yìí. Mo mọ̀ pé gbogbo ilé ló ń ṣe é. Èmi náà ti jókòó nílé rí tí a jọ ń parọ́ fún ìyá arúgbó kan pé ọmọ rẹ̀ wà ní ọsibítù, nígbà tí ọmọ náà ti wà nínú ilẹ̀. Ìfẹ́ ni wọ́n ń pè é. Kí ó máa jẹ́ ìfẹ́ lọ. Mo mọ̀ pé òkú Mùsùlùmí kì í dúró de ẹnì kankan, kí n tó dé pápá bàlúù, wọn ì bá ti sin bàbá mi. N kò béèrè pé kí wọ́n dúró dè mí. Ṣùgbọ́n ǹ bá ti wẹ̀. Ǹ bá ti kọjú sí kìbílà nínú yàrá mi, kí n sì kírun sí bàbá mi lára bó tilẹ̀ jẹ́ pé èmi nìkan ni. Ǹ bá ti gbààwẹ̀. Ǹ bá má jẹ ẹran. Bóyá ǹ bá wálé, bóyá n kò ní wá, èmi ni ó tọ́ kí n yàn án. Dáwódù ni mí. Wọ́n gba òkú bàbá mi lọ́wọ́ mi, wọ́n sì fi ohùn rẹ̀ tó wúkọ́ tàn mí bí ọmọdé tí wọ́n ń fi súìtì tàn.

Àwọn apẹja, tí wọn kò tan mọ́ mi, ní ẹni tó bá rí i kó pariwo. Àwọn tí a jọ mu ọmú kan náà rí i, wọ́n fọwọ́ bo ẹnu. Bàbá mi ṣubú, gbogbo ilé rí i, kò sẹ́ni tó nawọ́. Èmi nìkan ni mo ń wo omi tó tẹ́ rẹrẹ tí mo ń rò pé gbogbo wa ṣì wà nínú ọkọ̀.

N kò gbé fóònù wọn mọ́. Kàmọ́rù pè títí ó sú u. Ó kọ ọ̀rọ̀ ránṣẹ́ pé, "Bọ̀dá mi, ẹ bú mi, ẹ má dákẹ́." Mo kà á, mo dákẹ́. Ní ṣọ́ọ̀bù, Gíréémù rí i pé n kò kí rédà mọ́, ó wá ń gbé tíì síwájú mi.

Ìgbà tó yá ni Sìkírá wọ ọkọ̀ láti Ọ̀yọ́ lọ sí Ògbómọ̀ṣọ́, ó pè mí láti inú ilé wa. Èmi náà kò mọ ìdí tí mo fi gbé e.

Ó ní, "Bọ̀dá mi, ohun tí ẹ bá ní kí n ṣe ni mo máa ṣe. Ẹ ṣáà sọ̀rọ̀."

Mo ní, "Níbo ni ẹ sin ín sí?"

"Ẹ̀yìnkùlé. Ẹ̀gbẹ́ kànga, níbi igi gúrọ́fà."

"Lọ dúró síbẹ̀. Fi lokéṣọ̀n ránṣẹ́ sí mi láti orí ibẹ̀ gan-an."

Mo gbọ́ ohùn Kàmọ́rù lẹ́yìn rẹ̀: "Lokéṣọ̀n kẹ̀? Ṣé Bọ̀dá mi ò mọ ẹ̀yìnkùlé wa ni?"

Mo ní, "Sọ fún un kó gbẹ́nu dúró. Irọ́ rẹ̀ ti tó mi gbọ́. Lọ."

Mo gbọ́ ìró bàtà rẹ̀ nínú ọ̀dẹ̀dẹ̀, mo gbọ́ ìlẹ̀kùn ẹ̀yìn tí kì í ṣí láìké. Ó ní, "Mo ti dé ọ̀dọ̀ wọn." Fóònù mi dún.

Àwọn nọ́ńbà tó ń tọ́ka ibẹ̀ tó fi ránṣẹ́ ni mo tẹ̀ sínú ẹ̀rọ atọ́nà tó wà lórí tábìlì, ọ̀kan náà tí mo fi kọ́ra nígbà tí mo dé. Àmì kékeré kan yọ láàárín gbogbo ilẹ̀ pípọ́n náà, níbi tí kò sí nǹkan kan rí. Ẹ̀rọ bi mí pé kí ni orúkọ ibẹ̀. Mo kọ BÀBÁ. Mo ní kó mú mi lọ. Ó kìlọ̀ fún mi pé ọ̀nà yìí gba orí ilẹ̀ kọjá, pé ọkọ̀ kò lè gbà á. Mo ní mo ti gbọ́. Ó wá fa ìlà kan láti ẹsẹ̀ mi títí dé ẹ̀yìnkùlé wa, ó sì sọ ibi tí mo máa kọjú sí.

Mo mú kọ́ńpáàsì ọwọ́, mo jáde. Kìbílà wà lápá òsì mi, mo mọ̀ ọ́n tẹ́lẹ̀. Bàbá wà níwájú, ní ọ̀kánkán òrùlé ibi tí wọ́n ti ń ta ẹja. Mo nawọ́ sí i.

Afẹ́fẹ́ ń fẹ́. Àwọn èèyàn ń kọjá, wọ́n ń wò mí. Gíréémù jáde pẹ̀lú ife tíì lọ́wọ́, ó wo ibi tí mo nawọ́ sí, kò rí nǹkan kan.

Ó ní, "Kí ló wà níbẹ̀?"

Mo ní, "Bàbá mi ló ṣubú. Wọn ò sọ fún mi."

Ọmọ etí òkun ni, kò bi mí ní ìbéèrè kejì. Ó gbé ife rẹ̀ sílẹ̀, ó wá dúró tì mí, ó sì kọjú síbi tí mo kọjú sí.

Inú ṣì ń bí mi. N kò tíì dárí ji ẹnì kankan. Fóònù ń dún nínú àpò mi, mo mọ̀ pé Kàmọ́rù ni, mo sì lè gbé e lọ́la. Apá mi ti bẹ̀rẹ̀ sí í ro, ṣùgbọ́n a kò tíì dé ọ̀dọ̀ rẹ̀, n kò sọ ọwọ́ mi kalẹ̀.